Visual Basic 6: Ẹni tó ṣe é ti fi í sílẹ̀, àmọ́ ìwé òwò ọ̀pọ̀ ṣọ́ọ̀bù ṣì wà lọ́wọ́ rẹ̀

Láti ọjọ́ 8 oṣù kẹrin ọdún 2008 ni ilé iṣẹ́ Microsoft ti ṣíwọ́ àtúnṣe lórí Visual Basic 6, irinṣẹ́ tí wọ́n fi ń kọ ètò kọ̀ǹpútà. Síbẹ̀, títí di òní olónìí, àwọn ètò tí wọ́n fi irinṣẹ́ yìí kọ ṣì ń ṣírò owó, wọ́n ń ka ọjà, wọ́n sì ń kọ orúkọ ajigbèsè sílẹ̀ ní ṣọ́ọ̀bù, ilé ìwòsàn àti ilé ẹ̀kọ́ káàkiri ayé.

Ọ̀rọ̀ náà kan àwa tí a wà ní Tchaada, ní kọ́múùnù Ìfọ̀nyìn. Òwò wa ń gba Ìgóló kọjá sí Ìdírókò, ó sì ń lọ sí Àjàṣẹ́ àti Kútọnu. Ìwé òwò tí à ń kọ sínú kàyé tẹ́lẹ̀ ti ń bọ́ sínú kọ̀ǹpútà díẹ̀díẹ̀. Ẹni tó bá kó ìwé òwò rẹ̀ sínú ètò kan, ó yẹ kó mọ irú ilé tó kó o sí, kó sì mọ̀ bóyá onílé ṣì wà níbẹ̀.

Báwo lẹ ṣe lè mọ̀ bóyá irú ètò yìí ló wà nínú kọ̀ǹpútà yín? Lọ́jọ́ tí ètò náà bá kọsẹ̀, àpótí kékeré kan á yọ sójú kọ̀ǹpútà, wọ́n á kọ «Run-time error» sí i, nọ́ńbà kan á sì tẹ̀ lé e, bíi 9, 13 tàbí 429. Bí ẹ bá ti tẹ OK, ètò náà á pa dé lójú ẹsẹ̀. Àmì tó tún dájú jù ìyẹn lọ ni fáìlì kan tó ń jẹ́ MSVBVM60.DLL. Bí ètò kan bá ń pariwo pé òun kò rí fáìlì yìí, Visual Basic 6 ni wọ́n fi kọ ọ́.

Ṣọ́ọ̀bù télọ̀ nínú kọ̀ǹpútà

Kọ̀ǹpútà kò gbọ́ Yorùbá, kò gbọ́ Faransé, kò sì gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì. Òdo àti oókan nìkan ló yé e. Ẹni tó ń kọ ètò máa ń fi èdè kan tó sún mọ́ ti ènìyàn kọ àṣẹ rẹ̀, irinṣẹ́ mìíràn á wá túmọ̀ rẹ̀ fún ẹ̀rọ. Láyé àtijọ́, ọ̀tọ̀ ni irinṣẹ́ tí wọ́n fi ń kọ àṣẹ, ọ̀tọ̀ ni èyí tó ń túmọ̀ rẹ̀, ọ̀tọ̀ sì ni èyí tí wọ́n fi ń wá àṣìṣe. Ó dà bí télọ̀ tó ní máṣíìnì nílé, tó ń yá àlùmọ́gàjí lọ́wọ́ aládùúgbò, tó sì ní láti gbé aṣọ dé òpópónà kejì kó tó rí áyọ́ọ̀nù lò.

Nígbà tó yá, àwọn kan kó gbogbo irinṣẹ́ yìí sínú ṣọ́ọ̀bù kan ṣoṣo. Turbo Pascal ti ilé iṣẹ́ Borland, tó jáde lọ́dún 1983 ní dọ́là 49.95, wà lára àwọn tó kọ́kọ́ sọ irú ṣọ́ọ̀bù bẹ́ẹ̀ di ohun tí akẹ́kọ̀ọ́ lè rà. Visual Basic wá fi tiẹ̀ kún un: ẹni tó ń kọ ètò lè fi ọwọ́ yà á bí ẹni ya àwòrán.

Bí ẹ bá ṣí Visual Basic 6, àpótí irinṣẹ́ ló wà lápá òsì, bọ́tìnì, àyè ìkọ̀wé àti àpótí àkójọ orúkọ sì wà nínú rẹ̀. Láàrin ni fèrèsé òfìfo kan wà, òun ni ojú ètò tí ẹ fẹ́ ṣe. Lápá ọ̀tún ni ẹ ti máa yan àwọ̀, ìwọ̀n àti orúkọ. Ẹ ó fi máòsì mú bọ́tìnì láti apá òsì, ẹ ó gbé e sórí fèrèsé náà, ẹ ó kọ «Tà» sí i lára. Bí ẹ bá tẹ bọ́tìnì náà lẹ́ẹ̀mejì, ojú ewé kan á ṣí, ibẹ̀ lẹ ó ti kọ ohun tó gbọ́dọ̀ ṣẹlẹ̀ nígbà tí òǹtàjà bá tẹ̀ ẹ́.

Ká ní àyè ìkọ̀wé méjì wà lórí fèrèsé náà, ọ̀kan fún iye ọjà, èkejì fún owó ẹyọ kan. Ìlà kan péré tó láti ṣírò rẹ̀:

lblLapapo.Caption = Val(txtIye.Text) * Val(txtOwo.Text)

Ìtumọ̀ rẹ̀ kò le. Mú nọ́ńbà tó wà nínú àyè «iye», fi èyí tó wà nínú àyè «owó» sọ ọ́ di púpọ̀, kí o sì kọ ohun tó bá jáde sí ibi «lápapọ̀». Bí oníbàárà bá ra ọṣẹ 12, tí ẹyọ kan jẹ́ 650 sèfà, 7,800 ni yóò hàn.

Lẹ́yìn náà, ẹ ó tẹ F5, ètò náà á bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ lójú ẹsẹ̀. Bí ìṣirò bá ṣì lọ, ẹ ó fi F9 sàmì sí ìlà tí ẹ fura sí, ètò á dúró tó bá débẹ̀. Ẹ ó wá máa fi F8 tẹ̀ síwájú ní ìlà kọ̀ọ̀kan, bí ìyá ọlọ́jà ṣe ń ka owó lọ́kọ̀ọ̀kan nígbà tí kò bá pé. Ẹ tún lè ṣàtúnṣe ìlà tó ní àṣìṣe nígbà tí ètò ṣì dúró, kí ó sì máa bá iṣẹ́ lọ láti ibẹ̀. Ọ̀pọ̀ ẹni tó lo irinṣẹ́ yìí kò gbàgbé ìgbádùn yìí.

Nígbà tí iṣẹ́ bá parí, irinṣẹ́ náà á ṣe fáìlì kan tí orúkọ rẹ̀ parí sí .exe. Èyí ni wọ́n máa ń gbé wá sí ṣọ́ọ̀bù yín. Ìwé àṣẹ gan-an, ìyẹn àwọn fáìlì tó parí sí .vbp, .frm àti .bas, ọwọ́ ẹni tó kọ ọ́ ló sábà máa ń wà. Ẹ fi ìyàtọ̀ yìí sọ́kàn, nítorí a ó padà sí i.

Ibi tó ti ṣẹ̀ wá

Ìtàn náà bẹ̀rẹ̀ ní yunifásítì Dartmouth, ní ìpínlẹ̀ New Hampshire ní Amẹ́ríkà. Ní ìdájí ọjọ́ 1 oṣù karùn-ún ọdún 1964, èdè kan tí wọ́n pè ní BASIC ṣiṣẹ́ níbẹ̀ fún ìgbà àkọ́kọ́. Olùkọ́ ìṣirò méjì, John Kemeny àti Thomas Kurtz, ló ṣẹ̀dá rẹ̀. Èrò wọn ni pé kọ̀ǹpútà kò yẹ kó jẹ́ ti onímọ̀ sáyẹ́ǹsì nìkan. Akẹ́kọ̀ọ́ tó ń ka ìtàn tàbí èdè náà gbọ́dọ̀ lè bá a sọ̀rọ̀. Ìdí nìyí tí wọ́n fi lo ọ̀rọ̀ kéékèèké bíi PRINT, LET, IF àti GOTO.

Ní ọdún 1975, Bill Gates àti Paul Allen kọ irú BASIC kan fún kọ̀ǹpútà kékeré tó ń jẹ́ Altair 8800. Ọjà àkọ́kọ́ ti Microsoft nìyẹn. Láti ìgbà náà ni BASIC ti tàn ká. Ó wọ inú ìlànà ẹ̀kọ́ kọ̀ǹpútà ti ilé ẹ̀kọ́ girama ní Nàìjíríà, tó fi jẹ́ pé àwọn ọmọ wa tó ń kàwé lápá ọ̀hún ààlà lè ti kọ 10 PRINT àti 20 GOTO 10 sínú ìwé wọn kí wọ́n tó fọwọ́ kan kọ̀ǹpútà gan-an.

Nígbà tí Windows dé, iṣẹ́ le. Ẹni tó bá fẹ́ ṣe fèrèsé kan ṣoṣo tó ń kí ènìyàn, ọ̀pọ̀ ìlà àṣẹ ní èdè C ló ní láti kọ. Ọkùnrin kan tó ń jẹ́ Alan Cooper ti ṣe irinṣẹ́ kan tó pè ní Tripod, tó jẹ́ kí ènìyàn lè fi ọwọ́ ya ojú ètò. Ó fi han Bill Gates lọ́dún 1988, Microsoft sì rà á. Wọ́n so iṣẹ́ Cooper pọ̀ mọ́ èdè BASIC, ohun tó jáde níbẹ̀ ni Visual Basic. Oṣù karùn-ún ọdún 1991 ni wọ́n gbé e jáde.

Ẹ̀dà kẹta, lọ́dún 1993, jẹ́ kó rọrùn láti so ètò mọ́ àkójọ àkọsílẹ̀ ti Access, ìyẹn ibi tí a lè kó orúkọ ọjà, iye rẹ̀ àti gbèsè oníbàárà pamọ́ sí. Ìgbà yìí ló wá di irinṣẹ́ ọlọ́jà gidi. Ẹ̀dà kẹfà, tí à ń sọ̀rọ̀ rẹ̀ yìí, dé lọ́dún 1998.

Ohun tó mú un tàn kì í ṣe pé ó lágbára ju gbogbo irinṣẹ́ yòókù lọ. Ó rọrùn fún ẹni tí kì í ṣe onímọ̀ kọ̀ǹpútà ni. Akọ̀wé owó tàbí olùkọ́ ilé ẹ̀kọ́ lè fi oṣù díẹ̀ kọ́ ọ, kó sì kọ ètò tí ọ̀gá rẹ̀ nílò. Ọ̀nà kan ò wọ ọjà. Visual Basic la ọ̀nà tuntun fún àwọn tí wọn kò ní ìwé ẹ̀rí ńlá.

Nígbà tí ọṣẹ di àmì ìbéèrè

Irinṣẹ́ yìí ní àbùkù kan tó kan àwa Yorùbá gan-an. Àwọn àyè ìkọ̀wé rẹ̀ kò mọ̀ ju àwọn lẹ́tà tó wà nínú tábìlì kékeré kan lọ. Lórí kọ̀ǹpútà tí wọ́n tò sí Faransé tàbí Gẹ̀ẹ́sì, é àti à wà nínú tábìlì náà, nítorí Faransé ń lò wọ́n. Àmọ́ ẹ, ọ àti ṣ kò sí níbẹ̀. Àwọn lẹ́tà ɛ àti ɔ tí wọ́n fi ń kọ èdè ìbílẹ̀ ní Benin pàápàá kò sí níbẹ̀.

Bí òǹtàjà bá kọ «ẹja» síbẹ̀, «?ja» ló máa rí. «Ẹran» á di «?ran». Bó bá kọ «ọṣẹ», àmì ìbéèrè mẹ́ta ni yóò kù: «???». Ẹni tó ń ta epo nìkan ló bọ́. Ìdí nìyí tí ẹni tó ń kọ orúkọ ọjà sínú irú ètò bẹ́ẹ̀ fi ní láti kọ ọ́ lédè Faransé tàbí Gẹ̀ẹ́sì, tàbí kó kọ Yorùbá láìsí àmì abẹ́ lẹ́tà.

Ọ̀rọ̀ èdè yìí kò mọ sí ojú ètò nìkan. Àwọn àṣẹ Visual Basic, Gẹ̀ẹ́sì ni gbogbo wọn. Ní àwọn orílẹ̀-èdè tó ń sọ Faransé, irinṣẹ́ mìíràn ti gbapò lọ́wọ́ rẹ̀: WinDev, tí ilé iṣẹ́ PC SOFT ní ìlú Montpellier ní ilẹ̀ Faransé gbé jáde lọ́dún 1993. Ó fi ọ̀pọ̀ nǹkan jọ Visual Basic: yíya ojú ètò, bọ́tìnì, ìwé àṣẹ lẹ́yìn rẹ̀. Àmọ́ ènìyàn lè kọ àṣẹ rẹ̀ ní Faransé, pẹ̀lú SI, SINON àti FIN. Ọ̀dọ́ tó kàwé ní Faransé kò ní láti kọ́ Gẹ̀ẹ́sì kó tó bẹ̀rẹ̀. Ìdí kan nìyí tí WinDev fi gbilẹ̀ ní ìwọ̀-oòrùn Áfíríkà tó ń sọ Faransé.

Èdè tiwa náà ti bẹ̀rẹ̀. Yorlang, tí ọ̀dọ́ ọmọ Nàìjíríà kan ṣẹ̀dá, jẹ́ èdè kíkọ ètò tí àṣẹ inú rẹ̀ jẹ́ Yorùbá, bíi «jẹ́kí» àti «sọpé». Kò tíì di irinṣẹ́ ọjà bíi WinDev, àmọ́ ó fi hàn pé kò sí ohun kan nínú ẹ̀rọ tó kọ èdè wa. Ohun tó kù ni ẹni tó máa jókòó ṣe é.

Bí Microsoft ṣe kúrò níbẹ̀

Lọ́dún 2002, Microsoft gbé Visual Basic tuntun jáde lábẹ́ ètò tó pè ní .NET. Orúkọ bá ti tẹ́lẹ̀ mu, inú rẹ̀ kò bá a mu. Ìwé àṣẹ tí ènìyàn ti fi ọdún márùn-ún tàbí mẹ́wàá kọ kò lè ṣiṣẹ́ nínú tuntun náà láìjẹ́ pé wọ́n tún ọ̀pọ̀ rẹ̀ kọ. Ó dà bí ìgbà tí wọ́n bá sọ fún télọ̀ pé máṣíìnì tuntun ti dé, àmọ́ kò lè rán aṣọ kankan tó ti gé sílẹ̀.

Inú bí àwọn tó ń lò ó. Lọ́dún 2005, wọ́n kọ ìwé ẹ̀bẹ̀ sí Microsoft pé kí wọ́n má ṣe pa Visual Basic 6 tì. Àwọn kan tí Microsoft fúnra rẹ̀ ti fi oyè dá lọ́lá nítorí ìmọ̀ wọn wà lára àwọn tó fọwọ́ sí i. Ilé iṣẹ́ náà kò yí padà. Ìrànlọ́wọ́ gbogbogbòò parí lóṣù kẹta ọdún 2005, èyí tí wọ́n ń sanwó fún sì parí lọ́dún 2008.

Ohun kan ni wọn kò mú lọ. Microsoft ṣèlérí pé àwọn ètò tí wọ́n ti fi irinṣẹ́ yìí kọ á máa ṣiṣẹ́ lórí Windows. Ìdí nìyí tí fáìlì MSVBVM60.DLL fi wà nínú Windows 10 àti 11 láìjẹ́ pé ẹnikẹ́ni lọ wá a. Wọ́n ti kó kúrò ní ṣọ́ọ̀bù télọ̀, àmọ́ aṣọ tó ti rán ṣì ṣeé wọ̀.

Ètò kò yí padà, ayé ló yí

Bó bá rí bẹ́ẹ̀, kí ló wá kan ọlọ́jà? Ohun tó kàn án ni pé ìwé òwò kì í dá jókòó sínú ṣọ́ọ̀bù mọ́. Ní Benin, ìjọba ti sọ facture normalisée di dandan. Ìwé owó náà gbọ́dọ̀ ní nọ́ńbà àti àmì tí ẹ̀ka owó orí, Direction Générale des Impôts, mọ̀. Ẹni tó ń lo ètò tirẹ̀ lè so ó mọ́ ètò ìjọba tó ń jẹ́ e-MECeF lórí íntánẹ́ẹ̀tì.

Ibẹ̀ ni ètò àtijọ́ ti lè há. Kọ̀ǹpútà méjì tó bá ń bá ara wọn sọ̀rọ̀ lórí íntánẹ́ẹ̀tì máa ń di ọ̀rọ̀ wọn sínú àpò tí ẹlòmíràn kò lè tú. Ọ̀nà tí wọ́n ń gbà dì í lóde òní ni wọ́n ń pè ní TLS 1.2 àti 1.3. Windows XP, tí Microsoft fi sílẹ̀ lọ́jọ́ 8 oṣù kẹrin ọdún 2014, kò mọ ìkankan nínú méjèèjì. Bí ètò yín bá wà lórí kọ̀ǹpútà XP tí ẹ ń tọ́jú nítorí ètò náà, ó lè máa ṣírò owó dáadáa, síbẹ̀ kí ilẹ̀kùn ìjọba má ṣí fún un. Lórí Windows 10 tàbí 11, ọ̀nà wà, àmọ́ ẹnì kan gbọ́dọ̀ ṣí ìwé àṣẹ náà kó sì fi àṣẹ tuntun kún un. Ìwé àṣẹ tí mo ní kí ẹ fi sọ́kàn lẹ́ẹ̀kan nìyí. Bí kò bá sí, fáìlì .exe nìkan kò ṣeé tún ṣe, gẹ́gẹ́ bí àkàrà tó ti dín kò ṣe lè padà di ẹ̀wà.

Ewu kejì wà nínú fáìlì àkọsílẹ̀ fúnra rẹ̀. Fáìlì Access tí ọ̀pọ̀ ètò yìí ń lò, èyí tó parí sí .mdb, kò lè ju gígábáìtì 2 lọ. Ṣọ́ọ̀bù kékeré lè má débẹ̀ rárá. Ohun tó sábà máa ń bà á jẹ́ ni kí iná lọ lójijì nígbà tí ètò ń kọ̀wé lọ́wọ́. Ẹni tí kò ní ẹ̀dà mìíràn lè pàdánù ìwé ajigbèsè ọdún púpọ̀ láàárín ìṣẹ́jú kan.

Ohun tó yẹ kí ẹ bi ẹni tó ń ṣe ètò fún yín

Ẹ̀yin tí ẹ ní ètò nínú ṣọ́ọ̀bù, tàbí tí ẹ fẹ́ ní kí wọ́n ṣe é fún yín, ẹ má jẹ́ kí ojú tì yín láti béèrè ọ̀rọ̀ mẹ́rin yìí.

Èkíní: Irinṣẹ́ wo ni wọ́n fi kọ ọ́, ṣé ilé iṣẹ́ tó ṣe irinṣẹ́ náà ṣì ń tún un ṣe?

Èkejì: Ta ló ní ìwé àṣẹ? Ẹ jẹ́ kó wà nínú àdéhùn pé ẹ̀dà kan máa wà lọ́wọ́ yín. Bí ọ̀dọ́ tó kọ ètò náà bá lọ sí Kútọnu tàbí Èkó, ẹlòmíràn á lè gba iṣẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀.

Ẹ̀kẹta: Fáìlì àkọsílẹ̀ mi dà? Ẹ ní kí wọ́n fi hàn yín níbi tó wà. Ẹ pa ètò náà dé lálẹ́, ẹ da fáìlì náà kọ sórí kọ́kọ́rọ́ USB, kí kọ́kọ́rọ́ náà má sì sùn sí ṣọ́ọ̀bù.

Ẹ̀kẹrin: Ṣé mo lè kó gbogbo rẹ̀ jáde sínú Excel lónìí? Ètò tó bá lè ṣe èyí kò lè dè yín mọ́lẹ̀. Èyí tí kò bá lè ṣe é, òun ló ni ìwé òwò yín, kì í ṣe ẹ̀yin.

Kò pọn dandan kí ẹni tí ètò rẹ̀ ń ṣiṣẹ́ jù ú nù lọ́la. Bó bá lè ṣiṣẹ́ lórí Windows tuntun, ẹ gbé e kúrò lórí ẹ̀rọ àtijọ́, ẹ máa da fáìlì rẹ̀ kọ, kí ẹ sì fara balẹ̀ wá èyí tó máa rọ́pò rẹ̀. Ẹni tí ìwé àṣẹ bá wà lọ́wọ́ rẹ̀ tún ní ọ̀nà mìíràn. Irinṣẹ́ tuntun kan tó ń jẹ́ twinBASIC wà lórí iṣẹ́ báyìí, ète rẹ̀ sì ni láti lè ka ìwé àṣẹ Visual Basic 6.

Fún àwọn ọ̀dọ́ Tchaada tó fẹ́ mọ bí ṣọ́ọ̀bù àtijọ́ yìí ṣe rí, kò jìnnà. Ẹ ṣí Excel lórí kọ̀ǹpútà Windows, ẹ tẹ Alt àti F11 pọ̀. Fèrèsé tó máa yọ, ọmọ ìyá Visual Basic 6 ni. F5, F8 àti F9 ń ṣe iṣẹ́ kan náà níbẹ̀. Ẹni tó bá mọ̀ ọ́n lò lè fi í ṣe ìwé owó, ìwé gbèsè àti ìṣirò ọjà fún ìyá tàbí bàbá rẹ̀ láìra nǹkan mìíràn kún Excel, ọwọ́ ọlọ́jà fúnra rẹ̀ ni ìwé àṣẹ náà á sì wà.